Ìwọ̀fà Ilé Tuntun

Ìbéèrè tó gba oorun lójú Mutmainnah kò ju gbólóhùn kan lọ. Ọ̀sán Sátidé ni, òun àti Jàmíù jókòó lábẹ́ igi nínú ọgbà Agodi, wọ́n ń pa ẹ̀pà jẹ, àfi bí Jàmíù ṣe gbọn èèpo ẹ̀pà kúrò lára ṣòkòtò rẹ̀ tó ní:

"Èló ni wọ́n ń san fún ọ lóṣù gan-an? Mo fẹ́ kí o bá mi mú péésílíìpù rẹ ti oṣù mẹ́ta wá."

Mutmainnah kọ́kọ́ rò pé àwàdà ni. Ó wo ojú rẹ̀, kò rí ẹ̀rín níbẹ̀.

"Kí lo fẹ́ fi ṣe?"

"Nǹkan kan wà tí mò ń lé. Tó bá bọ́ sí i, ìwọ náà á yọ̀."

"Tí kò bá bọ́ sí i ńkọ́?"

Jàmíù ju ẹ̀pà sẹ́nu, ó sì bẹ̀rẹ̀ sí í sọ̀rọ̀ nípa bí oòrùn ọjọ́ náà ṣe mú tó. Ọkùnrin tó bá fi oòrùn dáhùn ìbéèrè obìnrin, ẹ jẹ́ ká sọ òótọ́, ó ti dá ara rẹ̀ lẹ́bi kí ẹnikẹ́ni tó pè é lẹ́jọ́.

Ká ní ìgbà tí wọ́n ṣẹ̀ṣẹ̀ mọra ló bi í ni, kì bá tí dùn ún. Ṣùgbọ́n àwọn èèyàn Jàmíù ti wá sí agboolé wọn ní Bẹyẹrúnká, wọ́n ti jẹ, wọ́n ti mu ẹlẹ́rìndòdò, wọ́n ti ṣe àdúà. Obìnrin tó ti lé lọ́gbọ̀n ọdún, tí gbogbo agboolé ti ń kí ní "ìyàwó wa", ibo ló tún fẹ́ padà sí? Ọkùnrin kan sì ti fi ìfẹ́ bò ó lójú rí. Ó yá owó àjọ rẹ̀, ó ní òun fẹ́ fi ra ọjà, ó sì gba Kútọnu lọ ráúráú. Láti ìgbà náà, bí ọ̀rọ̀ owó bá ti jáde lẹ́nu ọkùnrin, etí Mutmainnah a nà sókè.

Ìfura loògùn àgbà, ṣùgbọ́n Mutmainnah kò dúró dìgbà tó máa dàgbà kó tó lo oògùn yìí. Tíṣà ni, nílé ìwé kan nítòsí Mápó, àwọn ọmọ ibẹ̀ sì mọ̀ pé bí wọ́n bá fi ìwé pamọ́ sínú ìbọ̀sẹ̀ nígbà ìdánwò, òun ni yóò rí i.

Bẹ́ẹ̀, bí ìfẹ́ àwọn méjèèjì ṣe bẹ̀rẹ̀ kò ní màgòmágó kankan nínú. Lọ́dún tó kọjá ló lọ sí ọ́fíìsì ìjọba ní Agodi nítorí ìgbéga rẹ̀ lẹ́nu iṣẹ́. Òjò dá a dúró sí ọ̀dẹ̀dẹ̀ kan, ó sì rí ọkùnrin kan létí fèrèsé tó tẹ orí ba sórí tábìlì, tó ń ya àwòrán ilé. Mutmainnah wò ó títí, ẹnu rẹ̀ kò gbà á mọ́.

"Ẹ jọ̀ọ́, ṣé èèyàn ló máa gbé inú ilé yìí? Ilé ìdáná yín kọjú sí yàrá. Èéfín á lé wọn síta."

Ọkùnrin náà gbójú sókè. Ó wo àwòrán, ó wo obìnrin náà, ó mú ìparẹ́, ó pa ilé ìdáná náà rẹ́, ó sì tún un yà sí ẹ̀gbẹ́ kejì. Kò bínú, kò sì ṣàlàyé. Mutmainnah ti mọ ọkùnrin tó lè kọ nǹkan, kò tíì mọ èyí tó lè pa ohun tó ti kọ rẹ́ nítorí pé obìnrin sọ̀rọ̀. Ọkàn rẹ̀ lọ sọ́dọ̀ ọkùnrin náà níbẹ̀ gan-an, kí òjò tó dá.

Jàmíù lorúkọ rẹ̀. Nígbà tó fẹ́ wá rí àwọn òbí, ó wá alárinà kàn: Èjìdé, ẹ̀gbọ́n bàbá Mutmainnah, ẹni tó tọ́ ọmọ náà lẹ́yìn tí ìyá rẹ̀ kú. Nítorí pé Bẹẹrẹ ló ti ṣe aya kí ọkọ rẹ̀ tó kú, kí òun sì tó padà sílé bàbá rẹ̀, Ìyá Bẹẹrẹ ni tọmọdé tàgbà ń pè é. Òun àti ìyá àgbà Jàmíù ti jọ ta aṣọ rí. Ó gba iṣẹ́ alárinà náà tayọ̀tayọ̀, ó sì mú ọkùnrin náà wá síwájú àbúrò rẹ̀, Alhaji Àkíbù.

Alhaji ń ta páànù ní Ògùnpa. Lọ́jọ́ mọ̀-mí-n-mọ̀-ọ́, ó jẹ́ kí gbogbo èèyàn jẹun tán kó tó la ẹnu.

"Jàmíù, níbo lò ń gbé?"

"Yemẹtu ni, sà. Yàrá kan ni báyìí. Ṣùgbọ́n bàbá mi fi ààbọ̀ pulọ́ọ̀tì sílẹ̀ fún mi lọ́nà Akànrán."

"Kí ló wà lórí ẹ̀?"

"Koríko ni, sà."

Àwọn èèyàn rẹ́rìn-ín. Alhaji kò rín.

"Ilé tí mo ti bò lórí nílùú Ìbàdàn yìí kò lóǹkà. Ọmọ tèmi ò ní kúrò lọ́dọ̀ mi lọ sínú yàrá kan, kó máa to garawa láàárọ̀ nítorí ilé ìwẹ̀. Lọ kọ́lé síbi tí koríko wà yẹn. Ìgbà tó o bá nílé, ká wá dá ọjọ́ yìgì."

Jàmíù dọ̀bálẹ̀, ó ní òun gbọ́. Ṣùgbọ́n nígbà tí Mutmainnah sìn ín dé ẹnu ọ̀nà, ó ní, "Tí mo bá ń ra búlọ́ọ̀kù kọ̀ọ̀kan, irun mi á funfun kí n tó débi páànù. Ta ni yóò dúró dè mí?" Mutmainnah fẹ́ sọ pé òun á dúró, ojú tì í.

Kò pẹ́ sígbà náà ni Jàmíù ránṣẹ́ sílé pé òun ti ń rí ilé, kí wọ́n máa múra. Dípò kí inú Alhaji dùn, ojú rẹ̀ le.

"Ẹni tó ń gbé yàrá kan láìpẹ́ yìí ti rí ilé? Ṣé láti òkè ló ti já bọ́ ni? Àbí ó ti tọwọ́ bọ àpò ìjọba? Mi ò fẹ́ kí ọlọ́pàá wá bá àna mi lórí ẹní."

Ẹ wá fi ìbéèrè péésílíìpù kún un, kí ẹ wo bí yóò ti rí lọ́kàn ẹni tó ti ń fura tẹ́lẹ̀.

Láàárín ọ̀sẹ̀, Jàmíù wá pàdé Mutmainnah nígbà tí ilé ìwé jáde. Wọ́n ń rọra sọ̀ kalẹ̀ láti Mápó nígbà tí fóònù Jàmíù dún nínú àpò ẹ̀wù rẹ̀. Ó yọ ọ́, Mutmainnah sì rí orúkọ tó wà lójú rẹ̀: Hilda. Jàmíù yà sẹ́gbẹ̀ẹ́ ìsọ̀ aláṣọ kan, ó rẹ ohùn sílẹ̀, ṣùgbọ́n afẹ́fẹ́ òkè Mápó kì í bá èèyàn pa àṣírí mọ́.

"Ó ku tiẹ̀ nìkan. Rárá, mi ò tíì sọ fún un. Ẹ ṣáà fún mi ní ọ̀sẹ̀ kan, màá rí i gbà lọ́wọ́ ẹ̀."

Mutmainnah gbọ́ gbogbo ẹ̀. Màá rí i gbà lọ́wọ́ ẹ̀. Mutmainnah ní orí ń fọ́ òun, ó wọ ọkọ̀ lọ sílé. Ó jókòó ti Ìyá Bẹẹrẹ lórí ẹní, ó sọ gbogbo ẹ̀ láìfi ọ̀kan pamọ́, ó sì sunkún.

"Ìyá, mo fẹ́ràn ọmọkùnrin yẹn. Ohun tó ń bà mí nínú jẹ́ nìyẹn."

"Pańsá ò fura, pańsá já sí iná, àjà ò fura, àjà jìn," ni ìyá àgbà náà wí. "O káre tó o fura. Ṣùgbọ́n a kì í ti ẹ̀yìn èèyàn dá ẹjọ́ ẹ̀. Èmi ni mo mú un wọlé, èmi ni màá bi í."

Ní àárọ̀ Sọ́ńdè, Jàmíù dé. Ìyá Bẹẹrẹ kò tilẹ̀ jẹ́ kó mu omi tán.

"Wọ́n ní bí ìyàwó bá mojú ọkọ tán, alárinà a yẹ̀ba. Èmi ò tíì yẹ̀ba. Ta ni Hilda?"

Jàmíù wo Mutmainnah, ó wo ilẹ̀.

"Òṣìṣẹ́ báńkì ni, ma. Mo fẹ́ kó jẹ́ ìyàlẹ́nu fún yín ni." Ó wá tú gbogbo ọ̀rọ̀ sílẹ̀. Wọ́n kọ́ àwọn ilé tuntun kan sí ẹ̀yìn ìlú, oníyàrá méjì, omi wà níbẹ̀, ọ̀nà dáa. Mílíọ̀nù mẹ́wàá ni wọ́n ń ta ọ̀kan. Ẹni tó bá ti mú méjì wá, báńkì á yá a ní mẹ́jọ tó kù. Mọ́gééjì ni wọ́n ń pè é. Òun ti rí owó àkọ́san náà lọ́nà, lọ́dọ̀ ẹgbẹ́ alájẹṣẹ́kù ibi iṣẹ́ wọn, òun sì ti san owó díẹ̀ tí wọ́n fi ń di ilé mú.

Ọkàn Mutmainnah balẹ̀ wọ̀ọ̀. Kì í ṣe obìnrin. Ó fẹ́rẹ̀ẹ́ dìde lọ gbé oúnjẹ wá. Ṣùgbọ́n ọkàn tó bá ti mọ ìfura jẹ kì í tètè yó.

"Èlé ẹ̀ ńkọ́?"

"Náírà méjìdínlógún lórí ọgọ́rùn-ún, ká sì fi ogún ọdún san án. Mo ti ṣírò ẹ̀, bí ti alájẹṣẹ́kù wa náà ni. Tí wọ́n bá gbé èlé lé mílíọ̀nù mẹ́jọ, mẹ́sàn-án àti díẹ̀ ni. Tó o bá pín ìyẹn sí ogún ọdún, kò tó ẹgbẹ̀rún lọ́nà ogójì lóṣù."

"Ṣé owó oṣù tìẹ nìkan ò lè gbé ìyẹn ni?"

"Ó gbé e dáadáa."

"Kí ni báńkì wá fẹ́ fi tèmi ṣe?"

Jàmíù ní Hilda ló ní orúkọ méjì ni kí àwọn kọ, òun ò sì bi í nídìí. Mutmainnah ń wò ó. Bóyá ó mọ̀ tí kò fẹ́ sọ ni, bóyá kò sì mọ̀. Kò mọ èyí tó burú jù nínú méjèèjì.

Nígbà tí Ìyá Bẹẹrẹ máa sọ̀rọ̀, kò sọ ọ́ bí ẹni ń bínú.

"Ìyá tó bí èmi àti Àkíbù, ọmọdé ni wọ́n fi í ṣe ìwọ̀fà. Bàbá rẹ̀ yá owó òkú, kò rí i san, ó sì mú ọmọ lọ fún olówó. Òwúrọ̀ ló ń lọ, àṣálẹ́ ló ń bọ̀. Ó ń ro oko ẹ̀gúsí, ó ń pọn omi, ó ń gbá ilé. Ẹ mọ ohun tí gbogbo iṣẹ́ yẹn jẹ́? Èlé ni. Owó gan-an dúró síbi tó wà, kọ́bọ̀ ò dín níbẹ̀. Ó ṣe é títí ọyàn fi yọ láyà ẹ̀."

"Báwo ló ṣe wá bọ́, Ìyá?" ni Mutmainnah bi í. Kò gbọ́ ìtàn yìí rí.

"Ọkùnrin kan rí i létí odò, ó fẹ́ràn ẹ̀, ó kó owó lọ bá olówó, ó san án, ó mú un lọ sílé. Bàbá wa nìyẹn." Ó wá kọjú sí Jàmíù. "Ọmọ mi, mi ò mọ ìwé. Mi ò mọ̀ bóyá báńkì tiyín rí bẹ́ẹ̀ tàbí kò rí bẹ́ẹ̀. Ṣùgbọ́n ọkùnrin tó bá fẹ́ràn obìnrin, ṣe ló ń rà á kúrò lóko ìwọ̀fà. Kì í mú un lọ síbẹ̀."

Wọn ò mọ̀ pé Alhaji ti dúró sẹ́nu ilẹ̀kùn, tẹ̀sùbáà lọ́wọ́.

"Èlé? Ríbà lo fẹ́ fi gbé ọmọ mi sílé? Kó o tó fẹ́ ẹ, àlùbáríkà ti fò lọ. Jàmíù, gbéra ńlẹ̀. Tó o bá nílé tí kò ní ríbà nínú, kó o padà wá."

Kò sẹ́ni tó jẹun ní ọ̀dẹ̀dẹ̀ náà lọ́jọ́ yẹn. Jàmíù dúró létí ọ̀nà, ojú rẹ̀ pọ́n.

"Bàbá yín ní mi ò nílé. Mo wá ilé, wọ́n ní irú ilé yẹn kọ́. Kí ni kí n ṣe, Mutmainnah?"

"Mú mi lọ sọ́dọ̀ Hilda," ni obìnrin náà wí. "Mo fẹ́ fi etí ara mi gbọ́ ọ."

Hilda kì í ṣe ọmọ Yorùbá, ṣùgbọ́n Òkè Àdó ni wọ́n bí i sí, ó sì gbọ́ èdè náà ju ọ̀pọ̀ ọmọ onílẹ̀ lọ. Obìnrin tó gbọ́n lójú ni, kò yọ ayọ̀ àyọ̀jù. Ó mú àga fún wọn, ó sì fa fọ́ọ̀mù kan jáde. Orúkọ méjì ló wà lórí rẹ̀. Jàmíù ti fi ọwọ́ ara rẹ̀ kọ orúkọ Mutmainnah sí abẹ́ tirẹ̀, ìwé owó oṣù nìkan ló kù.

Mutmainnah ka orúkọ ara rẹ̀ lórí ìwé náà. Ó ti fọ́ọ̀mù náà sẹ́gbẹ̀ẹ́.

"Ẹ jọ̀ọ́, mo fẹ́ bi yín ní nǹkan kan. Tí a bá san owó oṣù kìn-ín-ní, èló ló máa kúrò nínú mílíọ̀nù mẹ́jọ yẹn?"

Hilda wò ó. "Àwọn èèyàn kì í sábà bi mí ní ìyẹn, ma."

"Èmi bi yín."

"Ẹgbẹ̀rún mẹ́tàlélọ́gọ́fà náírà àti díẹ̀ lẹ máa san lóṣù. Nínú ẹ̀, ọgọ́fà ẹgbẹ̀rún ni èlé oṣù náà. Ẹgbẹ̀rún mẹ́ta àti díẹ̀ tó kù ló máa lọ sórí ilé."

Jàmíù fò sókè lórí àga. "Kò rí bẹ́ẹ̀. Ẹgbẹ̀rún lọ́nà ogójì ni mo ṣírò."

"Ẹ̀yin ṣírò èlé ẹ̀ẹ̀kan ṣoṣo, sà. Ti alájẹṣẹ́kù nìyẹn. Ọdọọdún ni tiwa. Gbogbo oṣù tí gbèsè bá ṣì wà ńlẹ̀ ló ń bí èlé tiẹ̀, a ó sì kọ́kọ́ mú èlé kúrò nínú ohun tẹ́ ẹ bá san. Ìdí tí a fi ní kẹ́ ẹ mú owó oṣù ẹni méjì wá nìyẹn. Tiyín nìkan ò lè gbé e."

"Lọ́dún márùn-ún òní ńkọ́?" ni Mutmainnah bi í.

Hilda tẹ ẹ̀rọ ìṣírò rẹ̀. "Ẹ ó ti san mílíọ̀nù méje lé. Gbèsè tó máa kù, mílíọ̀nù méje àtààbọ̀ lé ni."

Mutmainnah rí ọmọdébìnrin kan lójú ọkàn tó ń pọn omi lọ sílé olówó, tí owó kò dín.

"Tá a bá san án dópin?"

"Pẹ̀lú àkọ́san yín, ó lé ní mílíọ̀nù mọ́kànlélọ́gbọ̀n. Ìyẹn tí èlé ò bá gbé sókè láàárín kan, torí ó lè gbé sókè. Owó adójútòfò ilé àti owó agbẹjọ́rò tún wà." Hilda ká ọwọ́ lé tábìlì. "Ẹ gbọ́, ma. Kì í ṣe pé nǹkan yìí burú fún gbogbo èèyàn. Ẹni tí àkọ́san ẹ̀ bá tóbi, tàbí tó rí èlé tó kéré gbà, tàbí tó bá ń san kọjá iye tí a dá fún un láti ìbẹ̀rẹ̀, ó máa ń dára fún un. Ṣùgbọ́n ẹ bi mí ni mo ṣe sọ. Bọ̀dá ò bi mí rí."

Ohun tó wà lẹ́yìn ẹ̀fà ó ju èje lọ. Ilé kan ni wọ́n fẹ́ rà, owó ilé mẹ́ta ni wọ́n fẹ́ san.

Wọ́n dé ìta, Mutmainnah kò lè pa á mọ́ra mọ́.

"Owó oṣù mi lo fẹ́ fẹ́. O ti kọ orúkọ mi síbẹ̀ kó o tó bi mí. Ogún ọdún, Jàmíù. Tí mo bá bímọ ńkọ́? Tí ìjọba ò bá san owó oṣù ńkọ́?"

"Wallahi, mi ò mọ̀ pé bó ṣe rí nìyẹn."

"Ìwọ tó ò ń ya ilé fún gbogbo ayé, o ò mọ iye tí ilé jẹ́. Ṣé kí n gba ìyẹn gbọ́?"

Jàmíù yí padà, ó sì rìn lọ. Kò wẹ̀yìn.

Ọ̀sẹ̀ kan kọjá, kò pè. Èkejì tẹ̀ lé e. Mutmainnah ń yọ fóònù wò láàárín iṣẹ́, ó ń bú ara rẹ̀ pé òun yọ ọ́ wò. Nígbà mìíràn a ní, ṣé ẹ rí i, owó oṣù ló ń wá, kò rí i, ó ti bá tiẹ̀ lọ. Nígbà mìíràn a rántí ọwọ́ tó mú ìparẹ́ lọ́jọ́ òjò, ọkàn rẹ̀ a sì bàjẹ́. Bàbá rẹ̀ ní, "Mo sọ fún un." Ìyá Bẹẹrẹ kò sọ nǹkan kan, èyí sì dùn ún ju ti bàbá rẹ̀ lọ.

Hilda ló pè é níkẹyìn. Ó ní òun fẹ́ mọ̀ bóyá Mutmainnah fẹ́ gba ẹ̀dà fọ́ọ̀mù tó ní orúkọ rẹ̀, kí òun tó ya á dànù.

"Ṣé Jàmíù ò fẹ́ ilé náà mọ́ ni?"

"Ẹ̀yin ò gbọ́ ni? Ọjọ́ kejì tẹ́ ẹ wá ló padà wá, kí a tó ṣílẹ̀kùn. Ó ní kí n yọ orúkọ yín kúrò. Mo sọ fún un pé tó bá yọ yín, tiẹ̀ nìkan ò tó, owó tó fi di ilé mú á sì wọgbó. Ó ní kó wọgbó. Biro mi ló gbà, ó fi ọwọ́ ara ẹ̀ pa orúkọ yín rẹ́."

Mutmainnah kò rántí bóyá ó dúpẹ́. Ó wá Jàmíù lọ sí Agodi, wọ́n ní ó gba ìsinmi. Ìfura tún gbé orí sókè: ìsinmi kí ni? Ó dé Yemẹtu, ìyá tó ń gbé ojúlé kejì ní ó ti lọ sọ́nà Akànrán pẹ̀lú àdá.

Ó bá Jàmíù lórí ilẹ̀ bàbá rẹ̀, ọkùnrin náà ti bọ́ ẹ̀wù, ó ti ro koríko jìnnà, ó sì ti na okùn láti igi kan dé èkejì níbi tí ògiri yóò gbà. Ìléròrò ti bo àtẹ́lẹwọ́ rẹ̀. Ó rí Mutmainnah, ó dúró gbagidi.

"Kí ló dé tó ò pè mí?"

"Kí ni kí n sọ? O ní owó oṣù rẹ ni mo fẹ́. Mo ronú sí i, mo rí i pé bó ṣe jọ gan-an nìyẹn. Mo fẹ́ ní nǹkan tí mo lè fi hàn ọ́ kí n tó tún lanu."

"O jẹ́ kí n máa rò pé o ti lọ."

"Má bínú. Ẹ̀rù ń bà mí ni, Mutmainnah. Ẹ̀rù bàbá yín, ẹ̀rù pé o ò ní dúró dè mí. Ẹ̀rù yẹn ni ò jẹ́ kí n bi báńkì ní ìbéèrè."

"Ta ló sọ fún ọ pé mi ò ní dúró?"

Mutmainnah rìn wọ inú okùn náà, ó wò yíká.

"Inú ṣì ń bí mi sí ọ," ló wí. "Mo sì fẹ́ràn rẹ. Méjèèjì ló wà níbẹ̀, má rò pé ọ̀kan ti lé èkejì lọ. Ibo ni ilé ìdáná?"

Jàmíù nawọ́ sí ẹ̀gbẹ́ ibi tí atẹ́gùn ń gbé èéfín lọ.

Ìyá Bẹẹrẹ ló kó ọ̀rọ̀ náà dé ọ̀dọ̀ Alhaji. Ó ní, "Àkíbù, ìwọ lo fi ẹnu lé ọmọ yìí lọ sí báńkì. O ní dandan kó nílé, o ò bi í pé ibo ló ti máa rí i. Ó ti pàdánù owó ẹ̀ kí ọmọ rẹ má bàa di ìwọ̀fà. Kí ni bàbá wa ṣe jù bẹ́ẹ̀ lọ?" Alhaji ní òun á ronú sí i. Ó ronú títí Jàmíù fi gba yàrá àti pálọ̀ kan níbi tí ilé ìwẹ̀ wọn ti dá wà. Nígbà náà ló ní kí wọ́n dá ọjọ́.

Lọ́jọ́ yìgì, mọ́ṣáláṣí kún. Ààfáà ránṣẹ́ sí ìyàwó láàárín àwọn obìnrin pé kí ni yóò gbà ní sàdáákì, torí ẹ̀tọ́ tirẹ̀ ni, òun nìkan ló lè dárúkọ rẹ̀. Àwọn kan ti ń retí òrùka wúrà. Àwọn kan ní yóò béèrè Kùráánì.

"Sìmẹ́ǹtì," ni Mutmainnah wí. "Àpò mẹ́wàá. Kó sì jẹ́ owó ọwọ́ ló fi rà á."

Ẹ̀rín sọ. Ààfáà ní kí wọ́n lọ bi í lẹ́ẹ̀kan sí i, bóyá wọn kò gbọ́ ọ dáadáa. Ohun kan náà ló tún sọ. Jàmíù ní òun gbọ́, òun sì gbà. Láti ìlà iwájú, Alhaji Àkíbù wú ikọ́ tí kì í ṣe ikọ́.

"Bó bá dé orí òrùlé," ló wí, kò wo ẹnikẹ́ni, "páànù ẹ̀ wà lọ́rùn mi."

Ìyá Bẹẹrẹ fi etí ìborùn nu ojú. Nígbà tí wọ́n jáde, tí Jàmíù rìn súnmọ́ ìyàwó rẹ̀ tó fẹ́ sọ ọ̀rọ̀ dídùn kan fún un, Mutmainnah ló kọ́kọ́ sọ̀rọ̀.

"Ìsọ̀ ta lo ti máa ra sìmẹ́ǹtì yẹn?"

"Ọ̀dọ̀ ẹnì kan ní Ọjà'ba."

"Màá bá ọ lọ. Mo fẹ́ gbọ́ iye tó máa pè é."